Abọ́ Ìyá Mórítà Tí O Jù Sínú Pàǹtí

Ẹ̀rù ń bà mí, Káyọ̀dé. Kí n tó kí ọ, kí n tó béèrè ohunkóhun, jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ìyẹn: ẹ̀rù ń bà mí pé ọmọ mi lè kú sínú yàrá kan ní Ọ̀sákà, kí ilẹ̀kùn wà ní títì, kí àwọn ará ilé máa gba ẹnu ọ̀nà kọjá, kí ẹnikẹ́ni má mọ̀. Láti ọjọ́ Tọ́sìdeè tí mo ti gbọ́ ni n kò ti jẹun dáadáa. Ẹ̀rù náà pọ̀, ṣùgbọ́n ìbínú ló pọ̀ jù. Inú ń bí mi sí ọ débi pé bí mo bá pè ọ́, igbe ni n ó máa ké, ìwọ á sì sọ pé, "Mummy, network," wàá gé fóònù. Ìdí nìyẹn tí mo fi mú bírò. Lẹ́tà kò ní network tí wàá fi gé mi lẹ́nu.

Ó dáa, mo kí ọ. Àlàó ọmọ mi, ṣé ara ti le díẹ̀? Bàbá rẹ kí ọ. Títí àbúrò rẹ kí ọ. Àwa tí a wà ní Rusholme níbí, nínú Manchester, a wà láàyè. Ìkíni tán.

Má bínú sí Títí o. Èmi ni mo fún un lọ́rùn tó fi sọ. Mo ń bẹ iṣu lọ́wọ́ nínú kíṣìnì nígbà tó jáde láti yàrá rẹ̀, fóònù lọ́wọ́, ojú rẹ̀ ti pọ́n.

"Ta ló kú?" ni mo bi í.

"Nobody, Mummy."

"Nobody ló sọ ojú ẹ di báyẹn?"

"Mummy, ẹ jọ̀ọ́. Mo promise Bọ̀ọ̀dá Káyọ̀ pé mi ò ní sọ fún yín."

"Kò burú. Tó bá kú síbẹ̀, wàá lọ ka promise náà sétí pósí ẹ̀."

Ibẹ̀ ló ti bú sẹ́kún. Ó jókòó, ó sì tú gbogbo rẹ̀ sílẹ̀.

Ó ní ibà dá ọ wólẹ̀ fún ọjọ́ márùn-ún. Ọjọ́ márùn-ún, Káyọ̀dé! Láàárín ọjọ́ márùn-ún náà, àwòrán òdòdó lò ń fi ránṣẹ́ sí mi, o ń kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé, "Ọ̀sákà rẹwà gan-an, Mummy." Èmi náà gbé fóònù lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo ń fi han àwọn ìyá ẹgbẹ́ mi, mo ń yangàn. Àṣé òdòdó tí o ti yà láti ọdún tó kọjá ni! Ìwọ gan-an wà nílẹ̀, ò ń gbọ̀n.

Ó ní ní ọjọ́ kẹta, o rí àpò kan tí ẹnì kan fi kọ́ ọwọ́ ilẹ̀kùn rẹ. Abọ́ olómorí wà nínú rẹ̀, ìrẹsì tí wọ́n sè tó rọ̀ bí ògì ló wà nínú abọ́ náà, ọsàn mẹ́ta wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kò sí orúkọ níbẹ̀. O kò mọ ẹni tó gbé e wá, o kò sì fi kan ẹnu. Nígbà tí ara rẹ gbé e tó o lè dìde, o di gbogbo rẹ̀ pọ̀, àti oúnjẹ, àti ọsàn, àti abọ́, o jù ú sínú pàǹtí nísàlẹ̀ ilé.

Ṣebí ìwọ tìkára rẹ lo sọ fún mi pé lọ́dọ̀ yín níbẹ̀, ọ̀tọ̀ ni ọjọ́ tí wọ́n ń da ike, ọ̀tọ̀ ni ti àwo, ọ̀tọ̀ ni ti oúnjẹ, àti pé àwọn ayálégbé ló ń gbà á ṣe lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, láti yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ẹnì kan pa á pọ̀. Ọ̀sẹ̀ náà bọ́ sọ́wọ́ ìyá arúgbó tí yàrá rẹ̀ kan tìrẹ, Ìyá Mórítà. O dúró lójú fèrèsé, o rí i tó tú àpò pàǹtí rẹ nítorí pé o pa á pọ̀. O rí i tó mú abọ́ ara rẹ̀ jáde. Ó fi aṣọ tó so mọ́ iwájú nù ún. Ó wò ó fún ìgbà díẹ̀. Kò gbójú sókè wo ibi tí o wà. Ó gbé e wọlé.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta nìyẹn. Láti ìgbà náà, o ń lẹ etí mọ́ ògiri kí o tó jáde. Bí ilẹ̀kùn rẹ̀ bá dún, wàá dúró dìgbà tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá lọ tán lórí àtẹ̀gùn. Ọkùnrin ọmọ ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n ń sá fún arúgbó tí kò ga tó èjìká rẹ̀!

Mo gbọ́ ti ìlú náà pẹ̀lú. Pé bàbá tó ń ta nǹkan ní ṣọ́ọ̀bù igun ọ̀nà, tó máa ń bi ọ́ bí òtútù ṣe mú ọ tó, wọ́n ti mú un kúrò, ẹ̀rọ ni wọ́n gbé síbẹ̀. Pé ilé ìwẹ̀ tí àwọn arúgbó àdúgbò ti ń jókòó sọ̀rọ̀, wọ́n ti fi aṣọ bò ó, wọ́n ń wó o. Pé ilé onípákó tí ẹ̀ ń gbé náà ti gba ìwé: bí oṣù yìí bá parí, kí gbogbo ayálégbé kó jáde, ilé gogoro ni wọ́n fẹ́ kọ́ síbẹ̀. Pé inú yàrá lo ti ń ṣe iṣẹ́ kọ̀ǹpútà rẹ, ọjọ́ mẹ́sàn-án sì lè kọjá kí o má fi ẹnu rẹ bá ẹlẹ́ran ara sọ̀rọ̀.

Gbogbo ìyẹn, mo lè fara dà á. Kò sí ìlú tí kì í yí padà. Ṣùgbọ́n Títí ní Ìyá Mórítà ń kó lọ sọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ obìnrin ní ìlú mìíràn bí oṣù bá parí, àti pé o sọ pé, "Tó bá ti lọ, ara á tù mí. Kò ní sẹ́ni tó mọ̀ mí mọ́."

Kò ní sẹ́ni tó mọ̀ ọ́ mọ́! Ṣé ìtura nìyẹn, Káyọ̀dé? Ènìyàn ni aṣọ mi, ohun tí àwọn àgbà wí nìyẹn. Ìwọ ń bọ́ aṣọ rẹ sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, o ń pè é ní ìtura. Gbólóhùn yẹn ló mú mi jókòó sídìí tábìlì yìí láti àárọ̀ Sátidé òní, tí n kò tíì dìde.

Bàbá rẹ ní kí n fi ọ́ sílẹ̀. Ó ní, "Ọkùnrin ni. Á wá nǹkan ṣe sí i."

Mo ní, "Ẹ̀yin náà kì í ṣe ọkùnrin ni? Ìgbà tí ẹ̀yìn ń dùn yín lọ́jọ́sí, ta ni ò gbọ́ igbe yín títí dé Wilmslow Road?"

Ó ní, "Ìyẹn yàtọ̀."

"Ó yàtọ̀ lóòótọ́. Ẹ̀yin rẹ́ni ké sí."

Ó kọjú sí tẹlifíṣọ̀n tí kò tàn.

Nítorí náà, gbọ́ tèmi.

Èkínní. Má parọ́ àlàáfíà fún mi mọ́ láyé rẹ. Mo mọ irọ́ yẹn dáadáa, èmi ni mo ni ín kí o tó jogún rẹ̀. Nígbà tí mo kọ́kọ́ dé Manchester, tí ẹ̀yin àti bàbá yín ṣì wà ní Ìkìrun, ilé ìfọṣọ ọsibítù kan ní Oxford Road ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Yàrá márùn-ún ló wà nínú ilé tí mo gbé, olúkúlùkù ti ilẹ̀kùn tirẹ̀ pa. Lọ́jọ́ tí n kò bá lọ síbi iṣẹ́, n ó wọ bọ́ọ̀sì, n ó jókòó sínú rẹ̀ dé òpin ọ̀nà, n ó tún bá a padà, kí n ṣá lè gbọ́ ohùn ènìyàn. Lọ́jọ́ kan, obìnrin òyìnbó kan bi mí bóyá ẹnì kan jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mo ní rárá. Ọ̀rọ̀ tí mo bá ènìyàn sọ ní odindi ọ̀sẹ̀ yẹn nìyẹn, lẹ́yìn ti ibi iṣẹ́. Ṣùgbọ́n bí mo bá pe ìyá mi, Ọlọ́run dẹlẹ̀ fún un, n ó ní, "Màámi, ara mi le, àwọn òyìnbó fẹ́ràn mi gan-an." Ó di ọjọ́ kan, ó ní, "Ó dáa. Dárúkọ ẹnì kan nínú wọn fún mi." Mo dákẹ́.

Èmi náà ń bi ọ́ báyìí: dárúkọ ẹnì kan fún mi ní Ọ̀sákà. Orúkọ kan ṣoṣo lo ní, orúkọ obìnrin tí ò ń sá fún. Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Nígbà tí ibà dá ọ wólẹ̀, ìwọ dákẹ́, ikọ́ rẹ ló sọ̀rọ̀ gba inú ògiri, arúgbó yẹn sì gbọ́. Mò ń dúpẹ́ lọ́wọ́ ògiri yẹn, pé kò nípọn.

Èkejì. Ọ̀rọ̀ yìí ló ń dùn mí jù, nítorí orí ara mi ló ń já sí. Nígbà tí o dé ibẹ̀ lọ́dún tó kọjá, o pè mí. O ní ìwé kan tí wọ́n fún ọ níbi iṣẹ́ sọ pé àṣà ibẹ̀ ni kí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kó dé ra nǹkan kékeré, ọṣẹ tàbí táwẹ̀lì, kó máa kan ilẹ̀kùn àwọn aládùúgbò, kó kí wọn. O bi mí bóyá kí o ṣe é. Kí ni mo sọ? Mo ní, "Ta ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀? Ìwọ ni àlejò. Onílé ló ń kí àlejò káàbọ̀. Jókòó síbi tó o wà, wọ́n á wá kí ẹ."

O jókòó. Ọmọ tó ń gbọ́ràn ni ọ́, o jókòó fún odindi ọdún kan, ò ń retí kí wọ́n wá kí ọ káàbọ̀. Àwọn náà jókòó sínú yàrá tiwọn, wọ́n ń retí kí o wá. Ìwọ rò pé wọn kò fẹ́ ọ. Àwọn rò pé ìgbéraga ń ṣe ọ́. Èmi ni mo ṣì ọ́ lọ́nà, mo gbà. Àṣà ilé wa dára nílé wa. Mo gbé e lé ọ lórí lọ síbi tí wọ́n ti ń ṣe é ní ìdàkejì.

Kì í tún ṣe pé n kò mọ̀! Mo ti pàdé obìnrin ará Ghana kan rí nídìí ata àti tòmátì ní Wilmslow Road, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn tí mo ti kúrò nínú ilé oníyàrá márùn-ún yẹn tí èmi àti rẹ̀ jọ gbé. Ó wò mí, ó ní, "Ah, Madam No-Greeting!" Mo ní kí ló jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó ní orúkọ tí àwọn fi ń pè mí nìyẹn, nítorí ẹlẹ́yàmẹ̀yà ni àwọn rò pé mo jẹ́, tí mi ò kí ẹnikẹ́ni. Àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń kí ara wọn, wọ́n ń pín ọbẹ̀! Nínú ilé kan náà! Èmi wà nínú yàrá tèmi, mò ń retí kí wọ́n wá kí mi káàbọ̀. Mo rẹ́rìn-ín níwájú rẹ̀. Ìgbà tí mo délé ni mo sunkún. Pẹ̀lú gbogbo ohun tí ojú mi rí yẹn, ìwọ pè mí, mo tún fi ẹnu yìí kan náà sọ pé kí o jókòó. Bí mo bá lè na ara mi lẹ́gba, n ó nà á.

Ìkẹta. Oúnjẹ. Ibí yìí gan-an ni mo ti fẹ́ kí o jókòó dáadáa.

O ti gbàgbé, àbí o kò gbàgbé: ọmọ ọdún méje ni ọ́, o jẹ mọ́ínmọ́ín ní ilé kejì ní Ìkìrun. Èmi àti ìyàwó ilé yẹn ti jà lórí omi kànga ní ọjọ́ mẹ́ta ṣáájú. Mo fa ọ́ wálé, mo ki ìka bọ̀ ọ́ lọ́fun títí o fi pọ̀ ọ́ sílẹ̀. Mo nà ọ́. Mo ní, "O ò gbọdọ̀ jẹ oúnjẹ tó ò mọ ọwọ́ tó sè é!" Obìnrin yẹn dúró lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, ó ń wò wá. Àwọn ọmọ tirẹ̀ náà jẹ nínú mọ́ínmọ́ín ọ̀hún, wọ́n ń ṣeré kiri. Kò sí ohun tó wà nínú rẹ̀ ju ẹ̀wà àti ata lọ.

Nítorí náà mo mọ ibi tí ọwọ́ tó ju abọ́ yẹn nù ti wá. Ṣùgbọ́n n kò ní tìtorí ìyẹn dárí jì ọ́ kíákíá. O ti dàgbà. Ẹni tó gbọ́n tó fi ń ṣiṣẹ́ kọ̀ǹpútà mọ̀ pé arúgbó kò ní dìde láàárọ̀ kó máa wá májèlé fún ọmọ tó ń wúkọ́. Bí ẹ̀rù bá tiẹ̀ bà ọ́, o lè fọ abọ́. Ta ló ń ju abọ́ olóore nù? Ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni. Ìwọ kò dákẹ́ nìkan, o tún da oore náà sínú pàǹtí, o sì jẹ́ kí ẹni tó ṣe é fi ọwọ́ ara rẹ̀ hú u jáde.

Jẹ́ kí n sọ bó ṣe rí lára rẹ̀ fún ọ, nítorí mo mọ̀ ọ́n. Nínú àwọn arúgbó tí mò ń lọ tọ́jú nílé báyìí, ọ̀kan wà ní Dobcross lórí òkè lọ́hùn-ún. Jean lorúkọ rẹ̀. Àárọ̀ àárọ̀ ni mo ń lọ wẹ̀ ẹ́, kí n fún un lóògùn. Láti ọjọ́ tí mo ti ń lọ, tíì ti máa ń wà lórí tábìlì, kọ́ọ̀bù méjì. N ó ní, "No, thank you, Jean, àyè ò sí." Àyè kò sí lóòótọ́, ṣùgbọ́n ìyẹn nìkan kọ́. N kò fẹ́ jẹ, n kò fẹ́ mu, nínú ilé ẹni tí n kò mọ̀. Oṣù mẹ́jọ. Ó di ọjọ́ kan, mò ń wọ ẹ̀wù òtútù mi, ó na ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sí mi, ó yí wọn, ẹ̀yìn àti àtẹ́lẹwọ́. Ó ní, "Ṣé wọ́n dọ̀tí lójú ẹ ni, love?"

Àlàó, mo jókòó. Mo mu tíì tó ti tutù yẹn tán. N kò tíì tijú tó bẹ́ẹ̀ rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi. Obìnrin tí mo ń wẹ̀ lójoojúmọ́, tí n kò rí ohun ìríra kankan lára rẹ̀, ó rò fún oṣù mẹ́jọ pé mò ń kórìíra ọwọ́ òun. Ohun tí Ìyá Mórítà rò nìyẹn nígbà tó wo abọ́ yẹn. Ó wo ọwọ́ ara rẹ̀.

N kò mọ̀ bóyá ìkẹrin ló kàn tàbí ìkarùn-ún. Ohun tí mo fẹ́ kí o ṣe nìyí, mi ò bẹ̀ ọ́, mò ń pàṣẹ ni.

Lọ kan ilẹ̀kùn. Ọ̀la, kì í ṣe ọ̀túnla. Má fi àpò kọ́ ọwọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀ kí o sá, ìyẹn kì í ṣe ẹ̀bẹ̀. Ra èso tó dára, fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún un. Má ra abọ́ tuntun dání, kì í ṣe abọ́ ló sọnù lọ́wọ́ rẹ̀. Tẹríba gan-an, kì í ṣe bí àwọn ọmọ ìsinsìnyí ti ń fi orí lásán ṣe é. Bí ó bá gba kí o dọ̀bálẹ̀, dọ̀bálẹ̀, ilẹ̀ ibẹ̀ kò ní jẹ ọ́. Sọ òtítọ́ fún un ní èdè wọn. Bí èdè kò bá tó, kọ ọ́ sínú ìwé. Sọ pé àìsàn ṣe ọ́, ẹ̀rù bà ọ́, ìyá rẹ ló kọ́ ọ bẹ́ẹ̀ láti kékeré. Dá mi lẹ́bi, mo fún ọ láyè. Sọ fún un pé ìyá rẹ ní kí o kí i, ìyá rẹ sì ní ẹ ṣeun.

Lẹ́yìn náà, wo ilé rẹ̀. Arúgbó tó ń di ẹrù nìkan, ta ló ń gbé àpótí fún un sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn yẹn? Ìwọ tó ń lẹ etí mọ́ ògiri, ṣé o kò gbọ́ bó ṣe ń wọ́ nǹkan nílẹ̀ ni? Bá a gbé e. Bó bá gbé oúnjẹ wá, jẹ ẹ́ níwájú rẹ̀, jẹ ẹ́ tán. Bó bá bínú tó ti ilẹ̀kùn mọ́ ọ, gbà á bẹ́ẹ̀, kí o tún padà lọ́jọ́ kejì. Béèrè ìlú tí ọmọ rẹ̀ wà, kí o gba àdírẹ́sì. Bí ìwọ náà bá sì dé ilé tuntun tí o ń lọ, lọ́jọ́ àkọ́kọ́ gan-an, kí o tó tú ẹrù, kan ti òkè, kan ti ìsàlẹ̀, kan ti ọ̀tún àti ti òsì. Bí wọ́n kò bá ṣí i, kan án padà lọ́la.

Mo ti bínú tó. Bí a bá fi ọwọ́ òsì bá ọmọ wí, à á fi ọwọ́ ọ̀tún fà á mọ́ra. Ọwọ́ ọ̀tún náà rèé: ọmọ dáadáa ni ọ́. Olóríburúkú kì í tijú, ìtìjú rẹ ló fi yé mi pé ọmọ mi ṣì wà níbẹ̀. Bó bá rẹ̀ ọ́ ju ohun tí o lè gbé lọ, wá sílé. Kò sí ẹni tí yóò fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́ ní ilé yìí nígbà tí mo bá wà láyé. Ṣùgbọ́n má wá sílé kí o tó kan ilẹ̀kùn yẹn.

Póòsì ní lẹ́tà yóò lò tó ọjọ́ mẹ́wàá dé ọ̀dọ̀ yín, oṣù kò sì ní dúró de póòsì. Nítorí náà, Títí yóò ya àwòrán ojú ewé kọ̀ọ̀kan, yóò fi ránṣẹ́ sí ọ lónìí, èyí tí mo fi ọwọ́ kọ yóò tẹ̀ lé e. Ìwọ náà mú bírò, kí o kọ èsì sí mi kíákíá, kì í ṣe òdòdó, kì í ṣe àwòrán ẹ̀rín. Kọ ohun tó sọ nígbà tó ṣílẹ̀kùn, bó ṣe sọ ọ́ gan-an. Bó bá sì jẹ́ pé ó ti kó lọ kí o tó kan ilẹ̀kùn náà, má fi pa mọ́ fún mi. Kọ ìyẹn náà sí mi.

Èmi ìyá rẹ.